Ṣé Èrú Ni Kí Òṣèrébìnrin Máa Ṣa Òṣèré?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Àjàṣẹ́ ní ilẹ̀ Benin ni mo ti ń kọ̀wé sí yín. Ọmọ mi obìnrin ń gbé ní Paris, ó ti ṣeré nínú fíìmù kéékèèké méjì àti ìpolówó ọjà kan, ó sì ní ìwé ìgbélùú ọlọ́dún mẹ́wàá. Obìnrin Faransé kan tó jẹ́ òṣèré sinimá, tó tún ń ṣa òṣèré fún àwọn tó ń ṣe fíìmù, ní kó wá máa ran òun lọ́wọ́ níbi ìdánwò, kó máa bá àwọn tó bá wá sọ ọ̀rọ̀ inú eré. Kò yé mi. Báwo ni ẹni tó ń bá wọn du ipa ṣe tún máa jẹ́ ẹni tó ń pín in? Ṣé kì í ṣe èrú nìyẹn? Ṣé iṣẹ́ yìí kò sì ní pa iṣẹ́ òṣèré ọmọ mi?

Ìdáhùn: Màmá, mo kí yín o. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ dáhùn èyí tó ń jẹ yín lọ́kàn jù. Kì í ṣe èrú. Ó lè di èrú, màá sọ ibi tó ti máa ń dà bẹ́ẹ̀ fún yín, ṣùgbọ́n bí ẹ ṣe rò ó kọ́ ló rí. Ẹ ń wò ó bíi pé obìnrin yẹn ló jókòó ti ìkòkò ọbẹ̀, tó ń bu ẹran fún ẹni tó wù ú. Ṣíbí ò sí lọ́wọ́ rẹ̀. Olùdarí fíìmù ló mú ṣíbí dání, ẹni tó sì ń náwó sí fíìmù náà di olùdarí lọ́wọ́ mú.

Mo fi ọdún mọ́kànlá ṣe olùrànlọ́wọ́ nínú irú yàrá bẹ́ẹ̀ ní Paris, abẹ́ àwọn obìnrin tó ń ṣeré tó tún ń ṣa òṣèré sì ni mo ti kọ́ púpọ̀ nínú ohun tí mo mọ̀. Bí iṣẹ́ náà ṣe ń lọ nìyí. Ìwé eré á dé ọwọ́ rẹ̀, á kà á, á yọ gbogbo ẹni tó ń sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀ sọ́tọ̀, títí dórí ọlọ́pàá tó kàn sọ pé “Ẹ jọ̀ọ́, ìwé mọ́tò yín dà?” Àwọn ipa ńlá kì í sábà dé ọ̀dọ̀ rẹ̀ bí ìbéèrè. Wọ́n ti fi orúkọ gbajúmọ̀ òṣèré wá owó lọ́wọ́ ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kí wọ́n tó pè é, gbajúmọ̀ kì í sì í ṣe ìdánwò. Ohun tó kù fún un ni ẹ̀gbọ́n, aládùúgbò, nọ́ọ̀sì, ọ̀dọ́mọdé tí ẹnikẹ́ni ò mọ̀ rí. Á wá wọn, á pè wọ́n, á ya fídíò wọn, á kó èyí tó dára jù fún olùdarí. Olùdarí á mú ọ̀kan, tàbí kó ní òun ò rí ẹni tó wu òun, kí wọ́n tún bẹ̀rẹ̀. Alágbàtà ni. Àwọn àgbà ní alágbàtà ló ń sọ ọjà di ọ̀wọ́n, ó sì rí bẹ́ẹ̀ lóòótọ́: ẹni tí kò sẹ́ni tó kà á sí láàárọ̀ Mọ́ńdè lè di ẹni tí olùdarí mẹ́ta ń wá ní Fúráìdé nítorí fídíò ìṣẹ́jú mẹ́rin tí alágbàtà yà dáadáa. Ṣùgbọ́n alágbàtà kọ́ ló lọjà.

Iṣẹ́ náà kò tilẹ̀ tíì pẹ́ ní Faransé. Tẹ́lẹ̀, àwọn igbákejì olùdarí ló ń wá òṣèré mọ́ iṣẹ́ wọn yòókù. Obìnrin kan tó ń jẹ́ Margot Capelier ló kọ́kọ́ sọ ọ́ di iṣẹ́ tó dá dúró níbẹ̀. Lónìí wọ́n ní ẹgbẹ́ tiwọn, ARDA, orúkọ tí wọ́n sì ń pe ara wọn nínú ìwé ni “responsable de distribution artistique”, ìyẹn ẹni tó ń bójú tó pípín ipa fún òṣèré, ṣùgbọ́n lẹ́nu, casting ni gbogbo ayé ń pè é. Ẹ̀bùn ò tètè kàn wọ́n. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì tó ń fún wọn ní ẹ̀bùn fíìmù BAFTA, ọdún 2020 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀, Oscar ti Amẹ́ríkà sì ṣẹ̀ṣẹ̀ fi tiwọn kún un láti orí àwọn fíìmù ọdún 2025.

Kí ẹnì kan máa ṣe méjèèjì kì í ṣe nǹkan tuntun rárá. Tatiana Vialle, òṣèré ni, ó ń darí eré orí ìtàgé, ó sì ń ṣa òṣèré fún fíìmù. Ẹni tí mo fẹ́ràn láti fi ṣe àpẹẹrẹ jẹ́ ọkùnrin, Dominique Besnehard, torí tirẹ̀ hàn gbangba. Nígbà tí olùdarí fíìmù Maurice Pialat fẹ́ ṣe “À nos amours”, tó jáde ní ọdún 1983, Besnehard wà lára àwọn tó ń wá òṣèré fún un. Sandrine Bonnaire ni wọ́n rí, ọmọ ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, tí kò tíì ṣe ju wákàpáàsì lọ nínú “La Boum 2”. Pialat wá ní kí Besnehard fúnra rẹ̀ ṣe ẹ̀gbọ́n ọmọbìnrin náà nínú fíìmù. Pialat alára ló ṣe bàbá wọn. Ìran oúnjẹ alẹ́ kan wà nínú rẹ̀ tí àwọn èèyàn ò yéé sọ títí dòní: wọ́n jókòó, wọ́n ń jẹun, kámẹ́rà ń ṣiṣẹ́, ni bàbá tí wọ́n rò pé ó ti kúrò nínú ìtàn bá ṣílẹ̀kùn wọlé láìsọ fún òṣèré kankan. Ẹ wo ojú wọn. Ìyàlẹ́nu tó wà lójú Besnehard kì í ṣe ti eré. Bonnaire gba César, ẹ̀bùn fíìmù Faransé, ti òṣèrébìnrin tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yọjú ní ọdún 1984, kò sì sẹ́ni tó ní Besnehard jalè nítorí pé ó wà nínú fíìmù tó bá wọn ṣa òṣèré fún. Lẹ́yìn ìyẹn ó di aṣojú òṣèré ní ilé iṣẹ́ Artmedia fún ogún ọdún, òun náà ló sì mú èrò eré tẹlifíṣọ̀n “Dix pour cent” wá, tí ẹ̀yin náà ti lè rí lórí Netflix. Orúkọ yẹn, mẹ́wàá nínú ọgọ́rùn-ún, ni ìwọ̀n owó tí aṣojú ń yọ nínú owó òṣèré.

Ó yá, iṣẹ́ tí wọ́n fi lọ ọmọ yín gan-an ńkọ́? Àwọn Faransé ń pè é ní “donner la réplique”. Èmi, elégbè ni mo ń pè é, torí kò yàtọ̀ sí ti ẹni tó ń gbe orin: bí elégbè bá dákẹ́, akọrin á ṣìnà, bí elégbè bá pariwo ju akọrin lọ, orin bàjẹ́.

Ẹ fojú inú wo yàrá kékeré kan lẹ́yìn ilé búrẹ́dì. Ògiri funfun, àga méjì, kámẹ́rà lórí ẹsẹ̀ mẹ́ta, fèrèsé tí a fi bébà bò kí oòrùn má baà máa yí àwọ̀ ojú padà láàárọ̀ àti lọ́sàn-án. Ẹni tó wá ṣe ìdánwò dúró lórí téèpù tí a lẹ̀ mọ́lẹ̀. Elégbè jókòó gbágbáágbá ti kámẹ́rà, etí rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ kan gíláàsì rẹ̀, torí ojú rẹ̀ ni ẹni náà máa wò. Bí ó bá sún kúrò níbẹ̀ díẹ̀, ẹ̀gbẹ́ ẹ̀rẹ̀kẹ́ nìkan ni olùdarí máa rí nínú fídíò. Ìran náà kò ju ojú ìwé kan àtààbọ̀ lọ: obìnrin kan fẹ́ sọ fún àbúrò rẹ̀ pé òun ti ta ilé bàbá àwọn. Elégbè ni àbúrò. Láti aago mẹ́wàá àárọ̀ títí di mẹ́fà ìrọ̀lẹ́, ẹ̀ẹ̀mẹtàlélógún ni wọ́n máa ta ilé yẹn mọ́ ọn lórí, ó sì gbọ́dọ̀ dà bíi pé ìgbà àkọ́kọ́ tó ń gbọ́ ọ nìyẹn, fún obìnrin kẹtàlélógún gẹ́gẹ́ bíi ti àkọ́kọ́. Ẹni kẹtàlélógún náà wọ bọ́ọ̀sì wá. Òun náà kò sùn lóru àná.

Ohùn ni ìṣòro tí ẹnikẹ́ni kì í rántí. Ẹnu makirofóònù wà lára kámẹ́rà, etí elégbè ló sì wà. Bí ó bá sọ̀rọ̀ bí èèyàn ṣe ń sọ̀rọ̀, òun ni olùdarí máa gbọ́ ketekete, ẹni tó wá ṣe ìdánwò á wá dà bí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ láti inú kànga. Nítorí náà ó gbọ́dọ̀ rẹ ohùn sílẹ̀ láìjẹ́ kí ìmọ̀lára inú rẹ̀ rẹ̀ sílẹ̀. Èmi ò mọ èyí nígbà tí mo dé. Ní oṣù àkọ́kọ́ mi, mo ń ṣeré gidi, mo ń sunkún, mo ń lu orúnkún, mo rò pé mò ń ran àwọn tó wá lọ́wọ́. Olùdarí wo fídíò ọjọ́ kan ṣoṣo, ó ní, “Ta ni ẹhànnà tó ń ké lẹ́yìn kámẹ́rà yìí?” Obìnrin tí mo ń ṣiṣẹ́ fún kò bá mi jà. Ó kàn fà mí jókòó, ó ní kí n wo ojú àwọn mẹ́fà tí mo bá ṣe. Gbogbo wọn ń ṣàánú mi. Kò sí ọ̀kan tó ń ta ilé bàbá rẹ̀ mọ́. Ọjọ́ èèyàn mẹ́fà ni mo bà jẹ́ yẹn, a sì ní láti pe gbogbo wọn padà.

Ìdí nìyẹn tí òṣèré fi ń dára lẹ́nu iṣẹ́ yìí ju ẹni tí kò ṣeré rí lọ. Ó mọ̀ bí ara ṣe ń rí ní orí téèpù yẹn. Bí ẹnì kan bá ṣe é tí kò dùn, ó máa ń mọ̀ bóyá ẹni náà ni kò lè ṣe é, àbí elégbè ló dáhùn yá jù, àbí ìtọ́sọ́nà tí wọ́n fún un ló wọ́. Òṣèrébìnrin kan tí mo bá ṣiṣẹ́ kì í sọ fún ẹnikẹ́ni pé “bínú sí i”. Ohun tó máa ń sọ ni pé, “Àbúrò yìí ló jókòó ti bàbá nígbà tó ń kú lọ. Ìwọ ò sí níbẹ̀. Ó yá, sọ fún un pé o ti ta ilé náà.” Ojú ẹni náà á yí padà kí ó tó la ẹnu. Ẹni tí kò tíì dúró níwájú kámẹ́rà rí kò lè sọ gbólóhùn yẹn, torí kò mọ̀ pé “bínú” kì í ṣe ohun tí ara lè ṣe ní àṣẹ.

Ibi tí èrú ti lè wọlé wá dà? Mo ti rí i. Obìnrin kan ń ṣa òṣèré fún fíìmù kan, ipa kan wà níbẹ̀ tó bá ọjọ́ orí rẹ̀ mu, ó wù ú. Kò sọ fún olùdarí. Nígbà tó ń pe èèyàn wá fún ipa náà, kò pe ẹnikẹ́ni tó lè ṣe é dáadáa. Nígbà tí olùdarí kò rí ẹni tó wù ú, obìnrin náà ní, “Bí mo bá bá yín ṣe é ńkọ́?” Kò sí òfin tó kọ ohun tó ṣe, àmọ́ àwọn aṣojú òṣèré mọ̀, wọn ò sì fi èèyàn gidi ránṣẹ́ sí i mọ́. Àwọn tó ń ṣe é bó ṣe yẹ, ọ̀rọ̀ kan ni wọ́n máa ń sọ kí wọ́n tó gba iṣẹ́: “Ipa báyìí wù mí. Ẹ ya fídíò tèmi lónìí, kí ẹlòmíràn máa bójú tó ipa yẹn, tàbí kí n gbàgbé ẹ̀.” Ó tán.

Èrú kejì ni owó, ìyẹn sì lòdì sí òfin gbangba. Òfin iṣẹ́ Faransé kò gbà kí wọ́n gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ ẹni tó ń wá iṣẹ́ nítorí pé wọ́n fẹ́ fi í sí ẹnu iṣẹ́. Ẹni tó bá ní kí ọmọ yín sanwó ìdánwò, owó ìforúkọsílẹ̀, owó àwòrán tó gbọ́dọ̀ jẹ́ ọ̀dọ̀ òun ni yóò ti yà á, olè ni. Kí ó má bá a jiyàn, kó kàn máa lọ. Ìdánwò kì í sì í wáyé nínú hòtẹ́ẹ̀lì lálẹ́, bó ti wù kí orúkọ ẹni tó pè é tóbi tó.

Ẹ jẹ́ ká sọ̀rọ̀ owó tiẹ̀ gan-an, torí ibẹ̀ ni ìdáhùn ìbéèrè yín kejì wà, àwọn òṣèré kì í sì í sọ ọ́ fún ìyá wọn. Faransé ní ètò kan fún àwọn tí iṣẹ́ wọn ń wá tó ń lọ, “intermittents du spectacle”. Bí ẹnì kan bá kó wákàtí 507 jọ láàárín oṣù 12, àjọ tó ń bójú tó àwọn aláìríṣẹ́ á máa fún un ní owó ìrànwọ́ ní àwọn ọjọ́ tí kò sí iṣẹ́. Òṣèré, cachet, ìyẹn owó iṣẹ́ tí wọ́n ń san lẹ́ẹ̀kan, ni wọ́n fi ń sanwó fún un, wákàtí 12 ni wọ́n sì ń ka ọ̀kọ̀ọ̀kan sí. Ẹ pín in: cachet 43 ló nílò lọ́dún. Fún ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀, tí fíìmù kéékèèké méjì àti ìpolówó kan wà lọ́wọ́ rẹ̀, òkè ńlá ni 43. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá kọ ọ́ sínú ìwé gẹ́gẹ́ bí olùrànlọ́wọ́ casting, wákàtí tó ṣe gan-an ni wọ́n máa kà, ní ìsọ̀rí àwọn tó ń ṣiṣẹ́ lẹ́yìn kámẹ́rà, wọ́n sì lè ro ó pọ̀ mọ́ ti òṣèré. Ká ní ó rí cachet 20, wákàtí 240 nìyẹn. 267 ló kù. Bí ọjọ́ iṣẹ́ bá jẹ́ wákàtí mẹ́jọ, ọjọ́ 34 níbi ìdánwò ti tó. Ọ̀pọ̀ òṣèrébìnrin tí ẹ ń rí orúkọ wọn níbi méjèèjì, ibi ìṣírò yìí ni wọ́n gbà wọlé, kì í ṣe pé ẹ̀mí kan gbé wọn. Ìfẹ́ iṣẹ́ náà máa ń dé lẹ́yìn.

Nítorí náà, ìwé ni kó bèèrè, kó tó lọ sí ọjọ́ àkọ́kọ́. “Wá ràn mí lọ́wọ́, wàá kẹ́kọ̀ọ́” kò ní wákàtí kankan nínú.

Ṣé á pa iṣẹ́ òṣèré rẹ̀? Ó lè dín in kù. Olùdarí tó bá ti mọ̀ ọ́n mọ́ ẹ̀yìn kámẹ́rà fún ọdún mẹ́ta kì í rántí mọ́ pé ó lè wà níwájú rẹ̀. Àwọn èèyàn á sọ ìtàn fún yín nípa elégbè tí olùdarí gbọ́ ohùn rẹ̀ nínú fídíò, tó ní “Ẹni yẹn ni mo fẹ́!” Ní ọdún mọ́kànlá, ẹ̀ẹ̀kan ni ó ṣojú mi. Gbólóhùn méjì ni ipa náà, wọ́n sì gé e kúrò nígbà tí wọ́n ń to fíìmù náà. Kó má lọ síbẹ̀ nítorí ìyẹn. Ohun tó máa rí gbà níbẹ̀ ni pé ẹ̀rù ìdánwò á kúrò lára rẹ̀, torí á ti fojú ara rẹ̀ rí i pé ẹni tó dára jù kì í sábà ni wọ́n ń mú, ẹni tó bá ẹni tí wọ́n ti mú tẹ́lẹ̀ jọ ni.

Nǹkan kan tún wà tí ẹ ò mẹ́nu bà, bóyá nítorí pé lójú yín kì í ṣe nǹkan. Ọmọ Àjàṣẹ́ ni. Ó gbọ́ Yorùbá, mo sì gbà pé ó gbọ́ Gùn àti Faransé. Apá kan nínú iṣẹ́ casting ní Faransé ni kí wọ́n jáde lọ wá ẹni tí kò ṣeré rí, “casting sauvage” ni wọ́n ń pè é. Karidja Touré tó ṣeré nínú fíìmù “Bande de filles” ní ọdún 2014, níbi ìgbafẹ́ Foire du Trône ní Paris ni wọ́n ti rí i, ó ń ṣeré tirẹ̀ jẹ́jẹ́. Fún fíìmù “L'Histoire de Souleymane”, olùdarí Boris Lojkine àti Aline Dalbis tó bá a ṣa òṣèré kọ́kọ́ wá ọ̀nà láàárín àwọn ọmọ Gíní tó ń fi kẹ̀kẹ́ gbé oúnjẹ kiri Paris, kí wọ́n tó rí Abou Sangaré ní ìlú Amiens. Iṣẹ́ mẹkáníìkì ló kọ́. Ó gba ẹ̀bùn òṣèré ní ìsọ̀rí Un Certain Regard ní àjọ̀dún fíìmù Cannes ní ọdún 2024, ó gba César ní ọdún tó tẹ̀ lé e, inú oṣù kìíní ọdún 2025 ló sì tó rí ìwé ìgbélùú gbà. Ẹ wo irú iṣẹ́ yẹn. Èèyàn ò lè fi Faransé Paris wọ àárín àwọn ọmọ tí ẹ̀rù ọlọ́pàá ń bà, kó ní kí wọ́n wá dúró níwájú kámẹ́rà. Ẹni tó mọ bí wọ́n ṣe ń kí àgbà, tó mọ ìgbà tó yẹ kó jókòó kó tó sọ ohun tó bá wá, òun ni wọ́n nílò. Mo fura pé obìnrin yẹn mọ̀ bẹ́ẹ̀ nígbà tó pe ọmọ yín. Kò sóhun tó burú níbẹ̀, kó ṣáà jẹ́ pé owó ẹ̀ wà nínú ìwé àdéhùn.

Bí mo bá jẹ́ ẹ̀gbọ́n rẹ̀, màá ní kó lọ, fún fíìmù kan tàbí méjì. Kó bèèrè bóyá wọ́n máa kọ orúkọ rẹ̀ níparí fíìmù. Kó bèèrè bóyá ó lè gba àyè lọ ṣe ìdánwò tirẹ̀ bí wọ́n bá pè é, torí òṣèré tó bá ń sọ fún aṣojú rẹ̀ pé ọwọ́ òun dí, ẹ̀ẹ̀mẹta ni wọ́n máa pè é mọ. Kó sì bèèrè tààrà pé, bí ipa kan nínú ìwé eré náà bá wu òun, ta ni kí òun sọ fún? Bí obìnrin náà bá dáhùn èyí láìfi ọ̀rọ̀ yípo, ọ̀gá gidi ló rí. Ọjọ́ àkọ́kọ́, kó mú omi tó pọ̀ dání; ọ̀fun máa ń gbẹ kó tó di aago mẹ́rin, ẹni ogún ò sì tíì wọlé.